Bí Ọyáwálé Ṣe Gba Ọ̀nà Ọ̀fun Ìyá Ìjì Lọ́wọ́ Àlejò Ìlú

Ẹ fún mi láyè kí n fi ohùn ńlá sọ̀rọ̀ lónìí, nítorí ẹni tí mo fẹ́ ròyìn rẹ̀ kì í ṣe ẹni tí à ń fi ohùn kékeré pè. Ọyáwálé ni orúkọ rẹ̀. Ọyáwálé ọmọ Kújọrẹ̀, ọmọ-ọmọ Adúrógbangba tó dojú kọ ìjì. Adúrógbangba tí afẹ́fẹ́ já fìlà gbà lórí rẹ̀ lówùúrọ̀ ọjọ́ kan, tí kò wí pé kò burú, tí kò ní òun á ra òmíràn, tó lé fìlà náà fún ọjọ́ mẹ́ta gbáko, tó fo ìkùukùu méje kọjá láì mu omi, tó sì rí i mú ní ọjọ́ kẹrin lórí òrùlé àna rẹ̀, níbi tí fìlà ti jókòó jẹ́ẹ́ láti ọjọ́ kìn-ín-ní. Kújọrẹ̀ ló bí i, akọni tó ṣẹ́gun ilẹ̀kùn ààfin nígbà tí afẹ́fẹ́ ń ṣí i tó tún ń pa á dé, gbàgà, gbàgà, tí ọgbọ̀n ọkùnrin dì í mú tí kò gbọ́. Kújọrẹ̀ kàn jókòó, ó fẹ̀yìn ti ilẹ̀kùn náà, ó sùn lọ fọnfọn, wọn ò sì rí i jí títí ó fi rẹ ìjì náà fúnra rẹ̀. Irú ìdílé náà nìyẹn. Ẹni tí ìdílé tirẹ̀ bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, kó lọ wá ẹni tí yóò kọ ìtàn tirẹ̀, kó fi tèmi sílẹ̀.

Ìlú Ìsokọ́ ni wọ́n bí wọn sí. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé orí ilẹ̀, tí ẹ ń sùn láì di ilé yín mọ́ nǹkan kan, ẹ ò tíì mọ ohun tí à ń pè ní ayé. Òkúta ràbàtà kan ló dá dúró láàrin òfúrufú, ààfin ọba wà lórí rẹ̀, àwa yòókù sì so ilé wa mọ́ ọn lára, ilé kọ̀ọ̀kan lórí pákó tirẹ̀, bí ẹni so ewúrẹ́ mọ́ èèkàn. Bí okùn ilé rẹ bá já, ó dìgbà. Ìkùukùu òjò mẹ́ta la so mọ́ ẹ̀yìn ìlú, tí à ń fún bí aṣọ tútù láti fi bomi rin iṣu wa, nítorí ìkùukùu mẹ́ta wọ̀nyí sì ni àwọn ará Ìyípo, ìlú olè tí kì í dúró lójú kan, ṣe ń kó ọkọ̀ òfúrufú wá bá wa jà lọ́dọọdún.

Ohun tí kò jẹ́ kí wọ́n rí wa gbé ṣe ni Ìyá Ìjì. Ẹ jẹ́ kí n bọ̀wọ̀ fún un kí n tó sọ bó ṣe rí. Ìyá Ìjì gùn tó ọkọ̀ mẹ́ta tí a tò tẹ̀ léra wọn. Awọ màlúù ogójì la fi rán ẹnu rẹ̀ tó kọjú sẹ́yìn, tó fẹ̀ bí ẹnu àrọ. Afẹ́fẹ́ á gba ibẹ̀ wọlé, á bá abẹ̀bẹ̀ onígi méjìlá níkùn rẹ̀, abẹ̀bẹ̀ á máa yí, á ti afẹ́fẹ́ wọ ọ̀nà ọ̀fun tóóró tí a ti da ata gígún àti eérú sí láti òkè, gbogbo rẹ̀ á sì fọ́n jáde nímú Ìyá Ìjì pẹ̀lú ariwo tí aláboyún kì í dúró gbọ́. Kò pa ẹnikẹ́ni rí. Ṣùgbọ́n jagunjagun tó bá ń sín kò lè di okùn ọkọ̀ mú, kò lè na ọ̀kọ̀, kò tilẹ̀ lè rántí ìdí tó fi wá. Ohun ìjà tó ga jù lọ lábẹ́ oòrùn nìyẹn, ọwọ́ Ọyáwálé ló sì wà, nítorí òun ni olùtọ́jú rẹ̀.

Oyè náà ní ẹ̀rù tirẹ̀. Okùn ilé olùtọ́jú ni ìdúró rẹ̀. Bí Ìyá Ìjì bá yadi lọ́jọ́ ogun, Olóyè Jáyéọlá, àgbàlagbà tó ń ṣọ́ òfin àti okùn ìlú, yóò mú ọ̀bẹ, yóò gé okùn náà, ilé Ọyáwálé yóò sì máa lọ nínú òfúrufú pẹ̀lú òun, pẹ̀lú Àrínpé ìyàwó rẹ̀, pẹ̀lú ìkòkò ọbẹ̀ wọn. Ó ti ṣẹlẹ̀ sí olùtọ́jú kan rí. Títí di òní, bí àwa àgbà bá rí nǹkan dúdú kékeré lókèèrè, a máa ń juwọ́ sí i.

Àṣìṣe tó ṣẹlẹ̀ lọ́dún tí mò ń wí yìí, ìwà rere ló fà á. Ẹni tó bá ń tọ́jú Ìyá Ìjì a máa mú un bí ìyá arúgbó. Bí ọyẹ́ bá ti dé, Ọyáwálé á fi òwú tẹ́ ọ̀nà ọ̀fun rẹ̀ kí òtútù má baà mú un, á sì ṣí awọ ẹ̀yìn rẹ̀ díẹ̀ kó lè máa mí. Bí alóre ṣe kígbe lówùúrọ̀ ọjọ́ kan pé òun ti rí ogún ọkọ̀ Ìyípo, pé ọjọ́ mẹ́ta ló kù kí wọ́n dé, Ọyáwálé lọ kó òwú náà kúrò. Ó gbọ́ tí nǹkan kan rìn nínú ibẹ̀. Ọmọlúàbí ni, kò lè gbọ́ ìró ẹsẹ̀ kó má kí onítọ̀hún. Kó tó tanná, kó tó yọjú wo ohunkóhun, ó ti ṣí fìlà, ó ti ní, “Ẹ kú ìrìn o. Ẹ káàbọ̀.”

Ohun tó wà nínú òkùnkùn náà sì dá a lóhùn pé, “Kọ́ọ̀.”

Ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Nítorí àṣà kan wà ní Ìsokọ́ tó dàgbà ju òkúta ìlú lọ, pé ohunkóhun tó bá fúnra rẹ̀ bà sọ́dọ̀ wa, ìbáà ṣe ènìyàn, ìbáà ṣe ẹyẹ, ìbáà ṣe tata, bí ọmọ ìlú kan bá ti kí i káàbọ̀ tó sì dáhùn, ó ti di àlejò ìlú. A ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án. A ò gbọdọ̀ lé e, a ò gbọdọ̀ dẹ́rù bà á. Ìgbà tó bá wù ú ni yóò fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ jáde. Àwọn baba ńlá wa náà fò wá ni, ẹnìkan ló kí wọn káàbọ̀, ìdí nìyẹn tí a kò fi lè pa àṣà náà rẹ́. Nígbà tí Ọyáwálé wá tanná, ó rí àgbébọ̀ adìẹ kan, dúdú, olójú pípọ́n, irú àwọn tó ń fò láti ìlú dé ìlú, tó sàba lórí òwú, pẹ̀lú ẹyin mọ́kànlá lábẹ́ rẹ̀. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ìyẹn ló ń mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́.

Ọba Onísokọ́ pe ìgbìmọ̀ lójú ẹsẹ̀. Olóyè Jáyéọlá bi Ọyáwálé ní ìbéèrè méjì péré: ṣé o kí i, ṣé ó dáhùn? Ẹlòmíràn ìbá purọ́. Ọyáwálé ní bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ ni. Jáyéọlá wá ní ọ̀rọ̀ parí, kò sẹ́ni tó lè ṣí afẹ́fẹ́ sí Ìyá Ìjì lára nígbà tí àlejò ìlú ń gbé ní ọ̀fun rẹ̀, àti pé àṣà ìdúró náà ṣì wà bó ṣe wà. Ọjọ́ mọ́kànlélógún ni adìẹ fi ń sàba, ọjọ́ mẹ́ta ni ogun fi máa dé; ẹ bá mi ṣírò rẹ̀. Adìẹ bà lókùn, ara ò rọ okùn, ara ò rọ adìẹ. Níbi tí gbogbo wa ti ń mí kanlẹ̀, Jáyéọlá yọ ọ̀bẹ rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n ọn lójú ìgbìmọ̀. Ìyẹn ló bí mi nínú jù, nítorí ọ̀bẹ náà ti mú tẹ́lẹ̀.

Akọni kì í jókòó káwọ́ gbera. Lọ́jọ́ kìn-ín-ní, Ọyáwálé da àgbàdo sílẹ̀ láti ọ̀fun Ìyá Ìjì dé ẹnu rẹ̀, hóró kan sí ìṣísẹ̀ kan, ọ̀nà ọlá tí ọmọ ọba ìbá fẹ́ rìn. Adìẹ na ọrùn, ó jẹ èyí tí ọrùn rẹ̀ tó, ó fojú burúkú wo èyí tó kù, ó sì padà sójú oorun. Lọ́jọ́ kejì, ó gun orí pákó, ó kọ bí àkùkọ láti ìdájí títí oòrùn fi kàn tàrí, ó kọ ọ́ pẹ̀lú ohùn tó dùn tó bẹ́ẹ̀ tí àkùkọ mẹ́ta láti ẹ̀yìn ìlú fi fò wá bá a jà, wọ́n sì ya á ní ṣòkòtò. Àgbébọ̀ náà kò tilẹ̀ ṣíjú. Lẹ́yìn èyí, ó jókòó tì í, ó sọ ìtàn ìdílé rẹ̀ fún un láti orí Adúrógbangba, ó bẹ̀ ẹ́ nítorí Àrínpé. Adìẹ ya orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bí ẹni pé ó gbọ́, ó sì fi apá bo ẹyin rẹ̀ dáadáa.

Nígbà tó délé nírọ̀lẹ́, ó bá Àrínpé tó ń di ìkòkò mọ́ òpó. Àrínpé kò sọ ìdí tó fi ń dì í, kò sì sídìí tó fi yẹ kó sọ ọ́. Ẹ̀rù ba Ọyáwálé. Mi ò ní í fi í pamọ́ fún yín, nítorí akọni tí ẹ̀rù kì í bà, òmùgọ̀ lásán ni. Ẹ̀rù bà á débi pé ó gbé òkèlè, kò rí i gbé mì, ó sì wo gbogbo ilé náà yíká bí ẹni tó ń dágbére. Ilé yìí ni Àrínpé ti ń bá a gbé láti ọdún mọ́kàndínlógún. Ó ní kí Àrínpé lọ sílé bàbá rẹ̀ kí ọ̀la tó mọ́. Àrínpé ní òun kò lọ síbì kan. Ó bá ìkòkò tó ń dì lọ títí ó fi parí, kó tó gbójú sókè.

“Adìẹ lẹ kí káàbọ̀,” ó ní. “Ta ló kí ẹyin?”

“A kì í kí ẹyin, Àrínpé.”

“Ó dáa. Níbo ni wọ́n ti wá?”

“Wọn ò tibì kan wá. Ibẹ̀ náà ló yé wọn sí.”

“Ọmọ Ìsokọ́ ni wọ́n nìyẹn. Ẹ lọ pè wọ́n sógun.”

Ọyáwálé fi òkèlè sílẹ̀, ó dìde, ó tún jókòó, ó wá jẹ gbogbo iyán tó kù. Lówùúrọ̀ ọjọ́ kẹta, ó gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí ààfin, ó sì sọ ọ́ bí ẹni pé òun ló rò ó. Mo fi èyí sílẹ̀ fún un, ọjọ́ rẹ̀ ni. Ó ní àlejò ni ìyá, kò sẹ́ni tó máa fọwọ́ kàn án, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ mọ́kànlá, orí òkúta wa ni wọ́n bí wọn sí, ọba sì lẹ́tọ̀ọ́ láti pe ọmọ ìlú síbi ogun nígbàkígbà. Olóyè Jáyéọlá wá inú òfin títí, kò rí nǹkan kan. Ojú rẹ̀ fà ro débi pé ẹnìkan ní ẹ̀yìn béèrè bóyá òótọ́ ni pé ó ti ní kí wọ́n wọn ibi tí ilé Ọyáwálé so sí, pé ibẹ̀ máa gba àká iṣu. Afẹ́fẹ́ ti fẹ́, a ti rí fùrọ̀ adìẹ. Jáyéọlá wá fi ìbínú kéde pé kí ó máa kó àwọn ọmọ ìlú rẹ̀, ṣùgbọ́n bí ìka rẹ̀ bá kan ìyẹ́ kan, ẹyọ kan ṣoṣo, lára àlejò, òun yóò gé okùn kí ogun tó dé.

Ẹ̀yin tó ti kó ẹyin lábẹ́ adìẹ rí, ẹ dìde kí ẹ kí Ọyáwálé. Ẹ̀yin tí ẹ kò kó o rí, ẹ dìde pẹ̀lú.

Ó wọlé láti ẹnu Ìyá Ìjì, àyà rẹ̀ nílẹ̀, ó rá kọjá láàrin abẹ̀bẹ̀ méjìlá, ó dé bèbè ọ̀fun tóóró níbi tí èjìká rẹ̀ méjèèjì ti kan igi, ó yí ara padà, ó fẹ̀yìn lélẹ̀, ó ṣẹ́ etí dàńṣíkí rẹ̀ sókè bí àpò, ó sì dojú kọ ọ̀tá tó jẹ́ àlejò, àlejò tó jẹ́ ọ̀tá, olójú iná, onímú ọ̀bẹ, abiyamọ tí kò bẹ̀rù ọba. Ọgbọ́n ogun tó dá, bí wọ́n bá fi kọ́ àwọn ọ̀gágun, wọn kì bá tí máa ṣubú. Ó na ọwọ́ òsì sí i níwájú. Adìẹ dìde díẹ̀, ó fi àgógó sọ ọ́ ní àtàǹpàkò, kìn-ín. Ní ìgbà tó dìde náà, ọwọ́ ọ̀tún Ọyáwálé ti gba abẹ́ lọ, ó ti mú ẹyin kan bọ̀, kò sì kan ìyẹ́ kankan. Ọmọ ogun kìn-ín-ní wọnú dàńṣíkí. Ó tún na ọwọ́ òsì. Adìẹ tún sọ ọ́. Ọgbẹ́ kan, ẹyin kan. Ọgbẹ́ kan, ẹyin kan. Ní ẹ̀ẹ̀karùn-ún, ẹ̀jẹ̀ ti ń kán. Ní ẹ̀ẹ̀keje, ó wù ú kó kígbe, ṣùgbọ́n igbe yóò dẹ́rù ba àlejò, ó wá fi eyín di ọrùn aṣọ rẹ̀ mú, omi sì ń jáde lójú rẹ̀ wọ etí. A wà lóde, a ń gbọ́ kìn-ín, kìn-ín, a ń kà á. Ohùn orin àwọn ará Ìyípo ti ń dé etí wa láti inú ọkọ̀ wọn.

Ó kó mẹ́wàá. Ó ku ẹyọ kan, adìẹ sì ti gbọ́n. Ọyáwálé na ọwọ́ òsì, kò wò ó. Ó na ọwọ́ ọ̀tún, kò wò ó. Ó jókòó pa lórí ẹyin tó kù, ó kàn ń wo ojú ọkùnrin náà, wọ́n sì wo ara wọn pẹ́ títí. Ohun tí a fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ọyáwálé ọmọ Kújọrẹ̀ ronú kan Àrínpé, ó ronú kan ilé, ó di ojú, ó sì fi imú ara rẹ̀ ṣíwájú. Àgbébọ̀ náà kò lè fi irú imú bẹ́ẹ̀ sílẹ̀. Ó dìde pátápátá, ó sọ ọ́, ẹyin kọkànlá sì bọ́ sọ́wọ́ ìlú Ìsokọ́.

Ẹ̀yìn ló fi wọ́ jáde, ó ń fi gìgísẹ̀ fa ara rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ẹyin mọ́kànlá lórí ikùn, imú wú bí ìgbá. Ohun tó sì tẹ̀ lé e jáde, pẹ̀lú ẹsẹ̀ ara rẹ̀ méjèèjì, láì sí ẹni tó lé e, láì sí ẹni tó fọwọ́ kàn án, tó ń kùn sínú, ni àlejò wa. Ọyáwálé dé orí pákó, ó jókòó láti mí. Kó tó mí ẹ̀ẹ̀kejì, adìẹ ti gun itan rẹ̀, ó ti tẹ́ apá, ó ti sàba.

Àrínpé kò dúró wò wọ́n. Òun ló fa òwú jáde, òun ló da agbọ̀n ata mẹ́ta wọ ọ̀fun, òun ló fi gbogbo ara fa okùn tó ń ṣí awọ ẹ̀yìn, nítorí ọkọ rẹ̀ kò lè dìde. Ìyá Ìjì gba afẹ́fẹ́ sínú, ó gbin, ó sì fọhùn. Ogún ọkọ̀ ló pàdé ohùn náà. Orin wọn já láàrin, ọkọ̀ ń yí bìrí, ọ̀kọ̀ ń já bọ́ lọ́wọ́ jagunjagun, ọ̀gágun wọn sì sín tó bẹ́ẹ̀ tó fi ẹ̀yìn ọkọ̀ rẹ̀ darí sílé láì mọ̀. Ní ọ̀sán, a kò rí wọn mọ́, ṣùgbọ́n a ṣì ń gbọ́ wọn. Ìkùukùu mẹ́ta wà níbi tí a so wọ́n sí.

Ọba Onísokọ́ fúnra rẹ̀ jáde láti ààfin. Gbogbo wa dọ̀bálẹ̀, Ọyáwálé jókòó. Jáyéọlá fi ìdùnnú sọ pé a kì í jókòó níwájú ọba, pé òfin wà fún èyí náà, ọwọ́ rẹ̀ sì ti ń lọ síbi ọ̀bẹ. Ọba wo adìẹ náà. Ó bi Jáyéọlá bóyá ọkùnrin náà lè dìde kí ó má dẹ́rù ba àlejò ìlú. Jáyéọlá mú ọwọ́ kúrò níbi ọ̀bẹ, ó ní kò lè dìde. Ọba wá bẹ̀rẹ̀, ọba tí kì í bẹ̀rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni, ó fi ìlẹ̀kẹ̀ sí Ọyáwálé lọ́rùn níbi tó jókòó sí. Akéde gbé agogo sókè láti lù ú. Adìẹ gbé orí sókè pẹ̀lú. Akéde wá rọra fi agogo sápò.

Báyìí ni ó ṣe jẹ́ pé ìkéde tó tóbi jù lọ nínú ìtàn Ìsokọ́, ìkéde tó yẹ kí òkúta ìlú fi mì, ọ̀rọ̀ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ la fi kéde rẹ̀. Akéde sọ ọ́ sétí mi, mo sọ ọ́ sétí aládùúgbò mi, ó gba orí okùn kan dé orí òmíràn, láti ẹnu dé etí, títí ó fi dé ilé tó wà ní ìkangun, níbi tí Àrínpé ti ń tú ìkòkò rẹ̀ kúrò lára òpó. Aládùúgbò fi ẹnu sí i létí, Àrínpé gbọ́ ọ, ó fi ìkòkò sílẹ̀, ó sì sunkún ayọ̀, kò jẹ́ kó dún. Ọ̀rọ̀ ìkéde náà nìyí:

“Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin ará Ìsokọ́, ẹ̀yin tó wà lókè àti ẹ̀yin tó so rọ̀. Ọyáwálé ọmọ Kújọrẹ̀ di Balógun Ẹyin lónìí. Okùn ilé rẹ̀ kò ní í rí ọ̀bẹ mọ́, láyé rẹ̀, láyé ìyàwó rẹ̀, láyé ọmọ wọn. Fún ọjọ́ mọ́kànlélógún, kí ọba máa lọ kí i níbi tó jókòó sí, kí Olóyè Jáyéọlá máa gbé oúnjẹ lọ fún un. Kí ẹnikẹ́ni má pariwo. Ọmọ ogun mọ́kànlá ń sùn.”